Diamante Negro: ṣé ẹ mọ ẹni tí ẹ̀ ń jẹ?

Kí n tètè sọ ọ́ kí ẹ má baà rò pé ẹnikẹ́ni sanwó fún mi, owó àpò ara mi ni mo fi ń ra ṣokoléètì yìí, mo sì ti rà á débi pé mi ò lè kà á mọ́ láàárín ọdún méje tí mo ti wà ní São Paulo níbí. Onígbàjámọ̀ ni mí, ṣọ́ọ̀bù mi wà lọ́nà República, àdúgbò tí àwa ọmọ Nàìjíríà pọ̀ sí ní àárín ìlú. Ilé búrẹ́dì kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa tó jẹ́ pé ibi tí wọ́n ti ń gbowó gan-an ni wọ́n to ṣokoléètì sí, ẹ mọ ọgbọ́n ọlọ́jà, bó o ṣe ń dúró gba ṣéńjì ọwọ́ ẹ á ti na síbẹ̀ kó o tó mọ̀. Èyí tí ọwọ́ tèmi máa ń bá ni Diamante Negro. Lacta ló ń ṣe é, São Paulo níbí ni wọ́n ti dá a sílẹ̀ ní 1912, àwọn náà ló ń ṣe Sonho de Valsa, èyí oní-bébà píńkì táwọn ọkùnrin ibí fi máa ń bẹ ìyàwó wọn tí wọ́n bá ti ṣẹ̀ ẹ́.

Ọ̀rọ̀ ẹnu ló kọ́kọ́ yẹ ká sọ. Ṣokoléètì oní-mílíìkì ni, kì í ṣe oríṣi tó korò, àmọ́ wọ́n da nǹkan wẹ́wẹ́ kan sínú ẹ̀ tó máa ń dún kàù lábẹ́ eyín, ó ń ta lẹ́nu bíi ṣúgà tó jóná díẹ̀ ní ìsàlẹ̀ ìkòkò, àwọn wẹ́wẹ́ yẹn lèmi fi ṣe dáyámọ́ńdì inú ẹ̀. Torí tiwọn ni mo ṣe ń rà á. Tó o bá ní sùúrù tó ò sì jẹ ẹ́, tó o kàn fi ahọ́n yọ́ ọ, ṣokoléètì á kọ́kọ́ lọ, wọ́n á ṣẹ́kù sórí ahọ́n bí òkúta inú ìrẹsì, o wá lè máa fọ́ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan bó o ṣe ń gé irun oníbàárà. Ó dùn o, kí n má parọ́, ó tiẹ̀ dùn jù fún èmi, ṣùgbọ́n ará Bràsíl ò mọ ohun tó ń jẹ́ dídùn jù. Bàbá àgbà mi gbin kòkó lọ́nà Ìdànrè, àwa ọmọdé máa ń fa omi funfun tó wà lára kóró rẹ̀ mu kí wọ́n tó fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ bò ó, kí gbogbo ilé wá máa rùn bí ilé ẹlẹ́mu, nítorí náà tí wọ́n bá ní kòkó, mo mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Nínú Diamante Negro, ṣúgà ni onílé, kòkó ni àlejò. Ẹni tó bá fẹ́ kòkó tó kún ẹnu kó wá èyí tó korò lọ, kó má wá pariwo lé mi lórí lábẹ́ ibí.

Ohun kan tẹ́ ẹ gbọ́dọ̀ ṣọ́ ni ibi tẹ́ ẹ ti ń rà á. Mo rà á nígbà kan ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan lẹ́bàá ibùdó ọkọ̀, oòrùn ti ń bọ́ sórí ẹ̀ láti àárọ̀ níbi tí wọ́n tò ó sí, ìgbà tí mo ṣí i ló funfun kàlákàlá bí ẹsẹ̀ ẹni tí ò fi ìpara nígbà ọyẹ́. Kò tíì bàjẹ́ o, ó yọ́ ni, ó wá tún dì padà, ọ̀rá inú ẹ̀ jáde síta, àmọ́ gbogbo adùn ẹ̀ ti lọ, bí ẹni ń jẹ àbẹ́là ni. Mo dá a padà, ọ̀gá ṣọ́ọ̀bù ní bó ṣe máa ń rí nìyẹn. Ó dáa náà.

Ohun tó jẹ́ kí n máa kọ èyí gan-an kì í ṣe adùn. Bàbá kan wà tó máa ń wá gérun lọ́dọ̀ mi lọ́jọ́ Sátidé, irun orí ẹ̀ ò ju fọ́nrán ogún lọ, síbẹ̀ kò ní pa Sátidé kan jẹ, ẹ̀jọ́ bọ́ọ̀lù ló ń bá wá kì í ṣe irun. Ẹgbẹ́ São Paulo ló ń ṣe, bàbá tó bí i ṣe é, ọmọ ọmọ ẹ̀ náà ń ṣe é. Lọ́jọ́ yẹn mo ń jẹ ṣokoléètì mi jẹ́jẹ́, ó wò mí títí nínú dígí, ó ní, "Ṣé o mọ̀ pé èèyàn lò ń jẹ yẹn?" Jàre, mo fẹ́ẹ̀ẹ́ tu ú dànù! Èmi ti rò pé torí ó dúdú ni wọ́n ṣe pè é ní dáyámọ́ńdì dúdú, ohun tí Diamante Negro túmọ̀ sí náà nìyẹn, mo sì béèrè lọ́wọ́ ọmọbìnrin tó ń gbowó ní ilé búrẹ́dì, ohun tóun náà rò nìyẹn, ọmọ ìlú yìí ni o.

Ìnagijẹ agbábọ́ọ̀lù ni. Leônidas da Silva, atamátàsé, Rio de Janeiro ni wọ́n bí i sí ní 6 oṣù Kẹsàn-án 1913. Kò ga, aláwọ̀ dúdú ni, ara ẹ̀ sì rọ̀ débi pé àwọn oníròyìn Faransé pè é ní ọkùnrin onírọ́bà. (Mi ò sọ pé ọmọ Yorùbá ni o, ẹ má bẹ̀rẹ̀, mo mọ yín. Gbogbo ẹni dúdú ní Bràsíl kọ́ ló wá láti Ọ̀yọ́.) Bonsucesso, ẹgbẹ́ kékeré kan ní Rio, ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í lókìkí. Ní 1932 Bràsíl lọ bá Urugúáì ní Montevideo, Urugúáì tó ṣì ń yangàn pẹ̀lú Ife Àgbáyé àkọ́kọ́ tí wọ́n gbà ní 1930, Bràsíl lù wọ́n 2-1 nínú ilé wọn, ọmọ ọdún 19 yìí ló jẹ gólì méjèèjì. Kí ló tún kù? Peñarol ti Montevideo ní kó máa bọ̀ lọ́dọ̀ àwọn. Kò pẹ́ níbẹ̀, ó padà sí Rio, ó gba ife ìlú Rio pẹ̀lú Vasco ní 1934, ó tún gbà á pẹ̀lú Botafogo ní 1935, ó wá bọ́ sí Flamengo ní 1936. Nínú Ife Àgbáyé 1934 ní Ítálì, eré kan ṣoṣo ni Bràsíl gbá, Sípéènì lù wọ́n 3-1, wọ́n kó ẹrù wọn wálé. Òun ló jẹ ẹyọ kan yẹn.

Flamengo yẹn ni kí ẹ dúró sí díẹ̀. Ẹgbẹ́ àwọn ọmọ olówó ni tẹ́lẹ̀, eré ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe ti ọmọ tálákà. Wọ́n wá mú Leônidas, wọ́n mú Domingos da Guia tó ń ṣọ́ ẹ̀yìn, wọ́n mú Fausto, dúdú ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, gbajúmọ̀ sì ni wọ́n. Ká tó wí ká tó fọ̀, àwọn tó ń ru ẹrù ní etíkun àtàwọn tó ń gbé lórí òkè ti di ará Flamengo. Lónìí ẹgbẹ́ tí èrò ẹ̀yìn ẹ̀ pọ̀ jù ní gbogbo Bràsíl ni, bàbá oní-Sátidé mi kì í fẹ́ gbọ́ apá ibẹ̀ yẹn, ó máa ń wúkọ́ ni.

Faransé 1938 ni ṣokoléètì ti bẹ̀rẹ̀. 5 oṣù Kẹfà, ní Strasbourg, òjò rọ̀, ilẹ̀ di ẹrẹ̀, Bràsíl àti Pólàndì gbá bọ́ọ̀lù tó jẹ́ pé tí wọ́n bá sọ fún ẹ o ò ní gbà: 6-5, lẹ́yìn àfikún àkókò. Leônidas jẹ mẹ́ta, ọmọ Pólàndì kan tó ń jẹ́ Willimowski jẹ mẹ́rin, wọ́n ṣì lù wọ́n, ẹ fojú inú wò ó, ẹ jẹ gólì mẹ́rin kẹ́ ẹ tún sunkún délé. Wọ́n ní bàtà Leônidas já nínú ẹrẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, ó sì fi ẹsẹ̀ lásán gbá ọ̀kan wọlé, ẹrẹ̀ ti bo ìbọ̀sẹ̀ àti ẹsẹ̀ ẹ̀ débi tí rẹfirí ò fi mọ èyí tó jẹ́ bàtà èyí tó jẹ́ ẹran ara. Àwa tá a ti gbá bọ́ọ̀lù lẹ́sẹ̀ lásán ní fíìdì ilé-ìwé ò ní ya ẹnu sí ìyẹn.

Lẹ́yìn náà Ṣẹ́kósílófákíà ní Bordeaux, ìjà ni wọ́n jà kì í ṣe bọ́ọ̀lù, ọ̀mì 1-1, rẹfirí lé èèyàn mẹ́ta jáde, wọ́n ní kí wọ́n tún un gbá lẹ́yìn ọjọ́ méjì, Bràsíl lù wọ́n 2-1, Leônidas jẹ gólì nínú méjèèjì. Eré tó kàn ni Ítálì ní Marseille, Ítálì tó ni ife náà lọ́wọ́, kóòṣì Ademar Pimenta ò sì gbé Leônidas wọlé. Àwọn kan ní ó fara pa, àwọn kan ní kóòṣì ń tọ́jú ẹ̀ de àṣekágbá, bí ẹni tó fi ẹran pamọ́ de àlejò tí ò tíì wá. Ítálì lù wọ́n 2-1. Ní ṣọ́ọ̀bù mi, ọ̀rọ̀ yìí ti dá ìjà sílẹ̀ láàárín arúgbó méjì tí ìkankan wọn ò tíì dáyé nígbà yẹn. Ó padà wọlé fún ipò kẹta, ó jẹ méjì, Bràsíl na Swídìn 4-2, àpapọ̀ gólì ẹ̀ di méje, kò sí ẹni tó jẹ tó o ní ìdíje yẹn.

Ohun tó mú un di nǹkan ńlá ni redíò. 1938 ni ìgbà àkọ́kọ́ tí ará Bràsíl gbọ́ Ife Àgbáyé bó ṣe ń lọ lọ́wọ́, Gagliano Neto ló ń sọ ọ́ láti Faransé, èèyàn kóra jọ sídìí ẹ̀rọ gbohùngbohùn ní gbangba ìlú. Ojú kan ò rí gólì yẹn, etí ni gbogbo wọn fi wò ó, ẹ sì mọ̀ pé ohun téèyàn fi etí wò máa ń tóbi ju ohun tó fojú rí. Ìgbà tó fi máa délé, orúkọ ẹ̀ ti di ọjà. Lacta bá a dúnàádúrà lórí ìnagijẹ ẹ̀, wọ́n ní contos méjì, owó ayé ìgbà yẹn, ni wọ́n fún un, ó tán síbẹ̀. Ẹ fi iye yẹn sọ́kàn, mo ń padà bọ̀ wá bá a.

Flamengo gba ife Rio ní 1939, àmọ́ àárín òun àtàwọn aláṣẹ ẹgbẹ́ bàjẹ́, orúnkún ń dà á láàmú, nígbà tó sì di 1941 wọ́n jù ú sẹ́wọ̀n oṣù mẹ́jọ nítorí ìwé ayédèrú tó fi yẹ iṣẹ́ ológun sílẹ̀. Ó jẹ̀bi o, mi ò ní gbèjà ẹ̀. Ọ̀pọ̀ rò pé ó ti parí nìyẹn, ọmọ ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n, orúnkún bàjẹ́, ẹlẹ́wọ̀n. Ẹgbẹ́ São Paulo wá kó 200 contos jáde ní 1942 láti rà á. Bonde ni àwọn alátakò pè é. Tíráàmù inú ìgboro ni bonde, ìtumọ̀ ẹ̀ sì ni pé wọ́n lù ọ́ ní jìbìtì, torí àwọn gbájú-ẹ̀ ayé ọjọ́un máa ń ta tíráàmù ìjọba fún ará oko tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ̀lú, bí ìgbà tí wọ́n ta Third Mainland Bridge fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ sílẹ̀ ní Ọ̀jọ́ta. Ṣùgbọ́n ìgbà tí tíréènì ẹ̀ wọ São Paulo, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn ló ń dúró dè é, èjìká ni wọ́n fi gbé e.

Ní 24 oṣù Karùn-ún 1942 ló kọ́kọ́ wọ aṣọ wọn, ní Pacaembu, wọ́n gbá ọ̀mì 3-3 pẹ̀lú Corinthians, òun ò jẹ gólì kankan. Èèyàn tó wọlé lé ní 70,000. Ẹnikẹ́ni ò tíì kó èèyàn tó bẹ́ẹ̀ sí pápá yẹn láti ìgbà náà títí dòní. Bàbá oníbàárà mi ní bàbá òun wà níbẹ̀, orí ẹsẹ̀ kan ló dúró sí fún gbogbo eré náà torí kò sáyè ibi tó máa gbé ìkejì sí. Apá ibi tí bàbá náà fẹ́ràn jù nìyí, ojú ẹ̀ máa ń tàn: lásìkò yẹn wọ́n ń fi São Paulo ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ní kí wọ́n kàn sọ owó ẹyọ sókè láti mọ ẹni tó máa gba ife 1943, tí orí bá hàn Corinthians ni, tí ìdí bá hàn Palmeiras ni. São Paulo ńkọ́? Àfi tí owó bá dúró lórí eteetí ẹ̀! Owó dúró. São Paulo gba ife 1943, wọ́n gba ti 1945, ti 1946, ti 1948, ti 1949, márùn-ún lọ́wọ́ ẹni tí wọ́n pè ní tíráàmù.

Ẹ̀yin ọmọ bọ́ọ̀lù ti ń dúró kí n dárúkọ sísọ̀sì. Èyí tá à ń pè ní sísọ̀sì nílé, kéèyàn dà sẹ́yìn lójú òfuurufú kó fi ẹsẹ̀ gba bọ́ọ̀lù lórí ara ẹ̀, bicicleta ni wọ́n ń pè é níbí, kẹ̀kẹ́, Leônidas sì ni ará Bràsíl máa ní ó ni ín. Tẹ́ ẹ bá sọ bẹ́ẹ̀ níwájú ará Ṣílè, ẹ múra ìjà, wọ́n ní Ramón Unzaga ti ń gbá a ní Talcahuano láti 1914, ará Pẹrú náà ní Callao làwọn ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀. Èrò tèmi ni pé kò ní kó jẹ́ òun ló dá a sílẹ̀, òun ló jẹ́ kí ayé mọ̀ ọ́n. Fọ́tò ẹ̀ kan wà láti 1948, nígbà tí São Paulo ń gbá Juventus, Juventus ti Mooca lẹ́yìn ibí o, kì í ṣe ti Ítálì, ara ẹ̀ nà gbalaja lókè bí ẹni tó sùn sórí bẹ́ẹ̀dì tí ò sí níbẹ̀. Ọmọ ọdún 35 ni nínú fọ́tò yẹn. Mo gbé e kọ́ sára ògiri ṣọ́ọ̀bù mi lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti Okocha.

Ohun tó dùn mí nínú gbogbo ẹ̀ ni pé Ife Àgbáyé 1942 àti 1946 ò wáyé nítorí ogun, àárín ọdún tó dáa jù fún un gan-an nìyẹn, ìgbà tí ti 1950 fi dé Bràsíl fúnra ẹ̀, ó ti lé ní 36, kò sí nínú ẹgbẹ́, ó sì ti ń kógbá wọlé. Ó di kóòṣì fúngbà díẹ̀, ó wá di ẹni tó ń sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù lórí redíò fún ọ̀pọ̀ ọdún. Àìsàn tó ń jẹ́ kéèyàn gbàgbé nǹkan ló mú un gbẹ̀yìn, Alzheimer, ó pẹ́ lára ẹ̀ gan-an, 24 oṣù Kìíní 2004 ló kú ní Cotia lẹ́yìn São Paulo, ẹni 90 ọdún. Kò rántí gólì kankan mọ́. Lásìkò yẹn kò sí ilé búrẹ́dì kan ní ìlú yìí tí wọn ò ti ń ta orúkọ ẹ̀.

Ẹ rántí contos méjì yẹn? Ẹsẹ̀ ẹ̀ tó 200, orúkọ ẹ̀ jẹ́ 2. Ẹsẹ̀ ti rà, orúkọ ṣì ń pa owó. Mo sọ fún bàbá yẹn pé wọ́n rẹ́ ọkùnrin yìí jẹ, ó ní rárá, ó ní ta ló mọ̀ nígbà yẹn, ó ní gbogbo àwọn tí wọ́n jọ gbá bọ́ọ̀lù tí ò ní ṣokoléètì dà, ta ló ń dárúkọ wọn? Mi ò tíì rí èsì fún un, ṣùgbọ́n mi ò gbà. Lónìí kódà pápá ìṣeré kì í ta orúkọ ẹ̀ lówó pọ́ọ́kú. Pacaembu ọ̀hún, 2024 ni wọ́n ta orúkọ ẹ̀ fún Mercado Livre, àwọn tó ń tajà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, fún ọgbọ̀n ọdún, wọ́n sì ní owó náà lé ní bílíọ̀nù kan reais.

Ẹni tó bá wá sí São Paulo, ohun tí màá ní kó ṣe nìyí. Kó ra Diamante Negro kan ní súpámákẹ́ẹ̀tì tó ní ẹ̀rọ amúlétutù, kó mú un lọ sí Praça Charles Miller níwájú Pacaembu, kó jókòó síbẹ̀ jẹ ẹ́, kó tó wọ mùsíọ́ọ̀mù bọ́ọ̀lù tó wà lábẹ́ àga ìwòran, láti 2008 ló ti wà níbẹ̀. Ọjọ́ Túsìdeè, ọ̀fẹ́ ni, ọjọ́ Mọ́ńdè wọn kì í ṣí. Ẹ má ra èyí tó pín sí méjì, ìdajì Diamante Negro ìdajì Laka funfun, ti funfun yẹn á kàn gba àyè lọ́wọ́ èyí tẹ́ ẹ wá rà. Nígbà Àjíǹde wọ́n tún máa ń ṣe é bí ẹyin, ó rẹwà lójú àmọ́ owó lẹ̀ ń rà, ṣokoléètì inú ẹ̀ ò tó nǹkan.

Ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún ni mo fún un. Ṣúgà ló yọ ẹyọ kan. Bàbá náà ní márùn-ún ni, kí n tún un kọ, ó ti jókòó sórí àga báyìí, ó ti mú ìdajì èyí tó wà lórí tábìlì mi, ó ń bi mí bóyá irun lòun wá gé àbí lẹ́tà lòun wá wò.